Ìgbà Díẹ̀

Nínú lẹ́tà tí wọ́n fún mi lọ́jọ́ kìíní,
"fún ìgbà díẹ̀" ni wọ́n kọ.
Mo kà á, mo dọ̀bálẹ̀ fún akọ̀wé,
mo ní oṣù mẹ́ta kò kúkú jìnnà.
Àkọ́bí mi ń rákòrò nígbà náà.
Ó ti ń fá irùngbọ̀n báyìí.

Èmi Adáramọ́lá, ọmọ Ìkún,
èmi ni mò ń ṣí fáàfù omi láago mẹ́rin ìdájí.
Bí mo bá yí i lẹ́ẹ̀mẹta sí òsì,
omi a gbéra nínú páìpù, a máa kùn
bí àgbàlagbà tí wọ́n jí kó tó sùn tó,
a gba Ọ̀tùn kọjá, a dé Ìdó,
a bọ́ sínú kẹ́tùrù ìyá kan tí n kò rí rí.
Kò sẹ́ni tó bu omi ọ̀hún bọ́jú
tó bi í léèrè bóyá ọwọ́ kásúà ló ṣí i.

Ọdún tí ìjọba fi kún owó oṣù,
orí rédíò la ti gbọ́ ọ. A jó díẹ̀ nínú yàrá ẹ̀rọ.
Ọlọ́wọ́lafẹ́ ra bisikíìtì fún gbogbo wa, àwìn ni.
Oṣù parí. Áláàtì wọlé.
Iye àná ni, kọ́bọ̀ kò lé.
Ti Bísádé, tí a jọ ń bọ́ sínú kòtò páìpù kan náà,
ti fò sókè bí ọ̀pọ̀lọ́.
Ó da fóònù rẹ̀ dojú délẹ̀ kí a má baà rí i.

A wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Adó, àwa mẹ́tàdínlógún.
Obìnrin tó jókòó sẹ́yìn tábìlì kò bú wa,
ẹ jẹ́ n sọ òótọ́.
Ó tilẹ̀ fún Ìyá Ọwọ́ṣeéni ní àga.
Ó ṣí kọ̀ǹpútà, ó wá wa, ó wá wa,
ó ní, "Ẹ má bínú o, orúkọ yín kò sí níbí.
Àwọn òṣìṣẹ́ gidi ló wà níbí."

Gidi.
Mo wo àtàǹpàkò mi,
èyí tí páìpù já èékánná rẹ̀ lọ lọ́dún ọ̀dá.

Ìyá Ọwọ́ṣeéni ló bi í, ó rọra bi í ni,
bí ẹni ń bi ọmọ rẹ̀ níbi tó fi ṣíbí sí:
"Ọmọ mi, owó orí tí ẹ ń yọ lóṣooṣù ńkọ́?
Ọwọ́ ta lẹ ti ń yọ ọ́?"
Obìnrin náà wo ojú kọ̀ǹpútà.
Fáànù ń yí lókè.
Ó ní ìyẹn, ẹ̀ka mìíràn ni.

Ìwé tó mọ̀ mí dáadáa níbi àyọkúrò,
tó wá ń wò mí bí àlejò níbi àfikún!

Nígbà tí à ń padà, kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ títí a fi kọjá Ìfàkì.
Níbẹ̀ ni Ọlọ́wọ́lafẹ́ ti bú sẹ́rìn-ín,
ó ní, "Bàbá Fálúyì ṣe ìgbà díẹ̀ títí ó fi kú.
Sàréè tí a gbẹ́ fún un ńkọ́, ṣé ìgbà díẹ̀ náà ni?"
A rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà kò dára lẹ́nu wa.

Àwọn kan ní ká ti fáàfù pa.
Ọjọ́ méjì péré, wọ́n á wá orúkọ wa rí.
Mo gbà. Mo tilẹ̀ búra.

Láago mẹ́rin, mo dúró tì í, irin náà tutù bí imú ajá.
Mo rántí ilé ìwòsàn tó wà ní Ìdó,
àwọn tó ń rọbí níbẹ̀ lóru,
ọmọ tí kò tíì mọ ohun tí wọ́n ń pè ní lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́.
Mo yí i lẹ́ẹ̀kan.
Mo yí i lẹ́ẹ̀kejì.
Ẹ̀kẹta ni mo fi sílẹ̀ fún wọn.

Bí ẹ bá jí ní Ọ̀tùn láàárọ̀ yìí,
tí omi yín ń ṣe tín-ín-rín,
ẹ má pe púlọ́ńbà.